Àwa Tí À Ń Jẹun Lórí Ìdúró

Ọjọ́ Ajé, 14 oṣù Kọkànlá, 2016

Òjò dé níkẹyìn. Ó rọ̀ láti àárọ̀ títí mo fi gbé oúnjẹ ọ̀sán sílẹ̀, gbogbo àgbàlá ń rùn bí amọ̀ tútù. Delcino ọmọ mi wọlé láti ọ̀dọ̀ màlúù, ó bọ́ bàtà sẹ́nu ọ̀nà, ó bu ìrẹsì àti ẹ̀wà sínú abọ́, ó lọ dúró sẹ́nu ilẹ̀kùn ẹ̀yìn, ó kọjú sí òjò. Ife omi wà lójú fèrèsé lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ìkòkò ni mò ń fọ̀, mi ò wo ibẹ̀, ṣùgbọ́n mo rí i. Ìrẹsì, omi. Ó gbé àgbọ̀n sókè, ó na ọrùn bí àkùkọ tó fẹ́ kọ, ó fa èjìká sẹ́yìn, ó dúró. Lẹ́yìn náà ìrẹsì mìíràn, omi mìíràn.

Mo mọ ijó yẹn. Èmi ni mo ni ín. Bàbá rẹ̀ náà jó o kí ọkàn rẹ̀ tó wú tó sì pa á. Kòkòrò inú ògiri amọ̀ tí a gbé nígbà tí Delcino wà lọ́mọ ọwọ́ kò mọ ọmọdé yàtọ̀ sí àgbà, gbogbo wa ló bù jẹ lójú oorun, òun ló kó àìsàn yìí ràn wá. Marlúcia nìkan ló yọ. Ilé bíríkì ni mo bí i sí.

Mo bu tèmi, mo lọ dúró sídìí ààrò bí mo ti máa ń ṣe. Aṣọ tí mo fẹ́ lọ̀ ló kún orí tábìlì. Ta ló fẹ́ jókòó síbẹ̀?

Ọjọ́rú, 16

Mo bi Delcino ìdí tó fi ń jẹun lórí ìdúró. Mo fara balẹ̀ bi í, bí ẹni ń bá ajá tó gbé egungun sẹ́nu sọ̀rọ̀. Ó ní màlúù ni. Ó ní ẹni tí màlúù ń ké pè kì í ráyè jókòó. Mo ní ṣé màlúù ló ní kó máa na ọrùn ni?

Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní èmi náà ńkọ́, kí ni mò ń dúró dè nídìí ààrò? Mo ní ìrẹsì tí mo jẹ lánàá ni mò ń dúró dè, kò tíì dé ibi tó ń lọ. Àwa méjèèjì rẹ́rìn-ín. Ó dé fìlà, ó lọ. Ọkùnrin tí irun rẹ̀ ti ń funfun, ó ń sá fún mi bí ìgbà tó fọ́ àwo.

Ihò tuntun wà lára bẹ́líìtì rẹ̀. Ìṣó ló fi lu ú.

Lálẹ́ Marlúcia pè láti Goiânia. Ilé ìwòsàn ńlá ti kàn sí i pé ó tún ti kàn mí láti ṣe iṣẹ́ abẹ. Ìgbà kẹta nìyí. Ìgbà méjì àkọ́kọ́ mo ní kí wọ́n fi àyè mi fún ẹlòmíràn. Benvinda aládùúgbò mi mọ ọkùnrin kan tí wọ́n là tí kò jí. Mo ti gbé há-mi-lọ́fun yìí pẹ́, ó mọ mí, mo mọ̀ ọ́n. Èmi ò bẹ ọ̀bẹ lọ́wẹ̀.

Ọjọ́ Àìkú, 20

Marlúcia wá fúnra rẹ̀, bọ́ọ̀sì ìdájí ló wọ̀. Láti ẹnu ọ̀nà ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í bá mi jà. Ó ní orí mi le ju ti ìbaaka lọ, ó ní òun ò bí mi àmọ́ òun ló ń tọ́ mi. Mo ní kó tọ́ ara rẹ̀ ná. Kọfí ló fi ń gbé ẹ̀mí ró, ọkùnrin tó ń bá gbé kò sì tíì mọ ọ̀nà ilé wa. Bẹ́ẹ̀ la ń bá a bọ̀ títí Delcino fi wọlé wá jẹun. Ó bu oúnjẹ, ó lọ síbi tirẹ̀. Èmi wà níbi tèmi. Marlúcia ti aṣọ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan lórí tábìlì, òun nìkan ló jókòó, ó ń wo ẹ̀yìn mi, ó ń wo ẹ̀yìn ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ìgbà tó yá ó gbé ṣíbí kalẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin náà?"

Delcino ní òun náà kí ni. Ọmọ náà bú sẹ́kún sínú ìrẹsì. Ó ní kí àwa méjèèjì jọ lọ, kí òun mójú tó wa lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Delcino ní kò sí ohun tó ń ṣe òun, àti pé ẹni tó ń ṣe gan-an, ṣé ó lọ? Ó fi ṣíbí tọ́ka sí mi.

"Ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n pe Màmá, ẹ̀ẹ̀mejì ni Màmá sá. Èmi, ìyá mi ni mo jọ."

Ọ̀rọ̀ yẹn há ju ìrẹsì lọ. Mi ò rí omi tí mo lè fi tì í.

Mo fa àga, mo jókòó. Mo ní ó dáa, èmi á kọ́kọ́ lọ. Bí mo bá padà, tí mo jókòó sórí àga yìí, nídìí tábìlì yìí, tí mo jẹ odidi pamonha àgbàdo kan tán láì fi omi tì í, òun náà á lọ. Ó ní odidi? Mo ní odidi. Ó ní òun ni yóò rin àgbàdo náà, òun ni yóò dì í sínú èèpo, òun ni yóò sè é. Mo ní kó dì í bó ṣe fẹ́. Ó na ọwọ́, mo bọ̀ ọ́. Marlúcia nu ojú, ó fi ẹ̀gbẹ́ ọwọ́ rẹ̀ la ọwọ́ wa sọ́tọ̀ kí tẹ́tẹ́ náà lè múlẹ̀. Tẹ́tẹ́ tí ẹni kẹta bá ti là, kò sí ẹni tó ń yẹ̀ ẹ́ ní Jenipapo níbí. Bàbá wọn pàdánù ẹṣin báyìí rí, ó sì fi ẹsẹ̀ rìn wálé.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 6 oṣù Kejìlá. Goiânia, nílé Marlúcia

Wọ́n fún mi ní omi funfun kan mu, ó nípọn bí ẹ̀kọ, ó sì dà bí ẹfun lẹ́nu. Wọ́n ní kí n dúró níwájú ẹ̀rọ. Lórí ìdúró náà ni. Mo ní mo wá síbi tí wọ́n ti mọ̀ mí.

Dókítà Eneida, ọmọbìnrin onírun kúkurú kan, fi àwòrán hàn mí. Ọ̀nà oúnjẹ mi kì í ṣe ọ̀nà mọ́, àpò ni. Ó fẹ̀, ó sì tẹ̀ kọrọ, ìsàlẹ̀ rẹ̀ wá tín-ín-rín bí ẹnu àpò tí wọ́n fi okùn so. Ó ní kòkòrò yẹn ti pa àwọn okun kéékèèké tó ń sọ fún iṣan ibẹ̀ pé kó ṣí. Iṣan ò gbọ́ àṣẹ mọ́, ló bá pa ẹnu dé.

Ó ní tèmi, ikùn ni wọ́n máa gbà wọlé, láti ihò kéékèèké. Wọ́n á la iṣan náà, wọ́n á sì fi díẹ̀ lára àpò ikùn bò ó kí omi kíkan má baà máa gòkè wá bá mi. Bó bá jẹ́ pé ó ṣì wà ní kékeré ni, ó ní wọn ì bá ti rọ́bà tó ní kámẹ́rà gba ẹnu, kí wọ́n fẹ́ bàlúùnù síbẹ̀, tàbí kí wọ́n fi ọ̀bẹ tín-ín-rín gé e láti inú wá, láìsí ojú ọgbẹ́ kan lára. Mo ní kó tún ìyẹn sọ. Ó ní ìyẹn kì í ṣe tèmi o, Màmá. Mo ní mo mọ̀. Mo ní kó tún un sọ.

Wọ́n wo ọkàn mi náà. Ó ní ó ń lọ́ra, àmọ́ ó lè gbé oorun abẹ́rẹ́. Mo ní ó lè gbé ju ìyẹn lọ, ó ti gbé Delcino.

Ọjọ́ Ajé, 9 oṣù Kìíní, ni wọ́n fún mi. Láti Ọjọ́bọ̀ tó ṣáájú, omi ẹran tí a sẹ́ nìkan. Tó bá di ọ̀sán Àìkú, kí n dẹ́kun ohun gbogbo.

Ọjọ́ Àìkú, 25

Kérésìmesì. Marlúcia wá, ojú rẹ̀ ti wọnú. Ó mú ọkùnrin tó ń bá gbé wá lọ́tẹ̀ yìí, Wender ń jẹ́, ó jẹun bí ẹni tí wọ́n tú sílẹ̀ lẹ́wọ̀n, mo fẹ́ràn rẹ̀ díẹ̀. Marlúcia fi fọ́ọ̀kì ṣeré nínú abọ́. Ọmọ mi kan ò lè gbé oúnjẹ mì, èkejì lè gbé e mì, kò jẹ ẹ́. Kí ni mo fi ṣẹ Ọlọ́run?

Àpò àgbàdo tútù ti di ríàlì márùndínlógójì. Tonico tó ń gbìn ín ní òun ò ní dín in fún ẹnikẹ́ni, títí kan ìyá òun.

Ọjọ́ Ẹtì, 6 oṣù Kìíní, 2017

Àwọn olórin Ọba Mẹ́ta, tí ń kọrin láti ilé dé ilé lọ́jọ́ àjọ̀dún yìí, dé pẹ̀lú àsíá wọn. Láti ọdún tí ọkọ mi kú ni mo ti ṣe ẹ̀jẹ́ pé ilé mi ni wọn yóò ti máa jẹun. Òjò ti pa wọ́n láti òkè wá, ẹsẹ̀ wọn kún fún ẹrẹ̀ dé orúnkún. Wọ́n kọrin, mo fi ẹnu ko àsíá, mo gbé e lọ sí yàrá kó lè súre fún bẹ́ẹ̀dì. Benvinda ti se ìkòkò ńlá: ìrẹsì, ẹran ẹlẹ́dẹ̀, pequi, èso tó ń sọ ìrẹsì di pípọ́n. Wọ́n ṣí fìlà, wọ́n dúró yí tábìlì ká, Delcino wà lẹ́nu ilẹ̀kùn, gbogbo wọn ń wò mí. Ẹni tó ṣe ẹ̀jẹ́ ló ń kọ́kọ́ jẹ. Bí kò bá jẹ, kò sẹ́ni tó ń fọwọ́ kan abọ́.

Mo ní omi ẹran nìkan ni mò ń mu. Benvinda ní ṣíbí kan ni, Ìyá Delcino, ṣé ṣíbí kan ni yóò pa yín? Ọ̀gá olórin, arúgbó, ń gbọ̀n fún òtútù. Mo jẹ ṣíbí kan. Mo tún jẹ ìkejì kó má dà bíi pé oúnjẹ Benvinda ò dùn. Mo fi omi tì í. Ó ṣì kù kí Ajé dé, kí ni ṣíbí méjì?

Ọjọ́ Ajé, 9. Goiânia

Wọ́n ti wọ̀ mí láṣọ tó ń ṣí lẹ́yìn. Wọ́n ti rọ́bà bọ̀ mí lọ́fun láti fọ inú rẹ̀ kí wọ́n tó fún mi ní abẹ́rẹ́ oorun. Ohun tó bá rọ́bà jáde ni ìrẹsì Àwọn Ọba Mẹ́ta. Hóró hóró, ó ṣì pọ́n pẹ̀lú pequi, bí ìgbà tí Benvinda bù ú.

Dókítà Eneida ò pariwo. Ó fa àga sẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó ní bí èyí bá gòkè nígbà tí mo bá ń sùn, ẹ̀dọ̀fóró ni yóò wọ̀, òun ò sì ní lè pè mí padà. Ó ní ọ̀nà oúnjẹ àwọn ẹlòmíràn máa ń ṣófo kí wọ́n tó fọ àwo tán, tèmi kò rí bẹ́ẹ̀, mi ò gbọdọ̀ fi tèmi wé tiwọn. Ó ní kí n máa lọ sílé. Ó ní kí n padà wá lọ́jọ́ kẹtàlá oṣù Kejì.

Nínú ọkọ̀, ojú fèrèsé ni Marlúcia ń wò.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 10

Delcino ní Ọlọ́run ti sọ̀rọ̀. Inú rẹ̀ dùn, kò lè pa á mọ́ra, ó tilẹ̀ ń súfèé. Mo ní ó rí mi tí mò ń jẹ ìrẹsì yẹn, kí ló dé tí kò sọ nǹkan? Súfèé náà dá. Ó ní òun rò pé yóò ti lọ. Ó ní tòun máa ń...

Kò parí rẹ̀. Ó gbé ike wàrà, ó jáde. Mo pè é, kò yíjú.

Tirẹ̀ máa ń kí ni?

Mi ò gbà. Bí Ọlọ́run bá ń sọ̀rọ̀, kó bá mi sọ ọ́, kó má rán Delcino. Tẹ́tẹ́ ṣì wà níbẹ̀.

Ọjọ́ Àìkú, 22

Mo lọ sílé Delcino nígbà tó lọ ta ọmọ màlúù. Mo kó aṣọ ìdọ̀tí rẹ̀ láti fọ̀. Ìrọ̀rí rẹ̀ ní àmì ọbẹ̀ ẹ̀wà níbi tí ẹnu ń wà. Oúnjẹ ń bá a padà lójú oorun. Tèmi náà ti rí bẹ́ẹ̀ rí, kí n tó bẹ̀rẹ̀ sí í fi ìjókòó sùn.

Mo fọ̀ ọ́, mo sá a sójú ọ̀nà níbi tí yóò ti rí i. Bó ti dé ó wò ó, ó wò mí. Ó ní oòrùn mú dáadáa lónìí. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ó mú.

Ọjọ́ Ẹtì, 3 oṣù Kejì

Ọjọ́ Brás Mímọ́, oníwòsàn ọ̀fun. Ṣọ́ọ̀ṣì kún. Fadá fi àbẹ́là méjì pàgbélébùú sí wa lọ́rùn lọ́kọ̀ọ̀kan. Mo kúnlẹ̀, mo sì sọ ọ́ fún Ẹni Mímọ́ náà pé mi ò wá bẹ̀ ẹ́ kó wo mi sàn. Ó ti pẹ́ tí mo ti ń kúnlẹ̀ síwájú rẹ̀, ó mọ ohun tí mo rí gbà. Mo wá sọ fún un pé mò ń lọ sọ́dọ̀ dókítà, kó wá bá mi níbẹ̀ bó bá fẹ́.

Mo dìde, mo yíjú. Delcino wà lórí ìlà. Ọkùnrin tí kò wọ ṣọ́ọ̀ṣì láti ìgbà ìsìnkú bàbá rẹ̀, ó ṣí fìlà, ó na ọrùn sí àbẹ́là.

Lẹ́nu ọ̀nà mo ní kí ló wá ṣe? Ó ní òun wá fún màlúù ni, ikọ́ ń ṣe méjì nínú wọn. Mo ní ṣé màlúù ló kúnlẹ̀? Ó ní wọ́n ò ní orúnkún tó dára.

Ọjọ́ Àbámẹ́ta, 11

Omi ẹran. Omi ẹran. Mo fi kọ́kọ́rọ́ ti àpótí oúnjẹ, mo fún Benvinda ní kọ́kọ́rọ́ náà, mo ní bó bá fún mi ní ṣíbí kan, àárín wa tán. Ó sunkún, ó ní òun náà ló fà á. Mo ní kó dákẹ́, kó bá mi sẹ́ ọbẹ̀.

Òjò ń rọ̀ láìdá. Afárá odò ń gbọ̀n. Bí omi bá gbé afárá lọ, ẹsẹ̀ ni màá fi wọ odò kọjá.

Ọjọ́ Ajé, 13. Ilé ìwòsàn

Rọ́bà jáde lófo. Dókítà Eneida ní ẹ kú iṣẹ́, Màmá. Wọ́n ń bọ̀ wá gbé mi.

Marlúcia dì mí lọ́wọ́ mú. Mo ní kó lọ jẹun. Bó bá jẹ́ pé ojú oorun ni mo máa kú sí, ó kéré tán kí ọmọ kan ti jẹun.

Delcino ò wá. Ó ní màlúù.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 14

Mo wà láàyè. Ihò márùn-ún wà níkùn mi. Ó ń dùn mí nígbà tí mo bá rẹ́rìn-ín, Wender sì ń pa mí lẹ́rìn-ín.

Ọjọ́rú, 15

Wọ́n fún mi ní omi. Mo gbé àgbọ̀n sókè bí mo ti máa ń ṣe, mo na ọrùn, mo ń dúró dè é. Nọ́ọ̀sì ní kí ni mò ń ṣe? Mo ní mò ń dúró kó lọ. Ó ní ó ti lọ.

Ó ti lọ lóòótọ́. Ó kọjá bí ẹni tí kò mọ̀ pé ẹnubodè wà níbẹ̀ rí. Mo mu òmíràn, kì í ṣe torí òùngbẹ.

Ọjọ́ Àìkú, 5 oṣù Kẹta. Jenipapo

Ọ̀dùnkún gígún. Ẹyin rírọ̀. Dókítà ní kí n máa fara balẹ̀, ó ní àpò ni ọ̀nà oúnjẹ mi ṣì jẹ́, kò ní fúnra rẹ̀ ti nǹkan, ó kàn jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ ti ṣí ni. Kí n jẹ ẹ́ kúnná, kí n jókòó gbọọrọ, kí ilẹ̀ tó ń fa nǹkan sílẹ̀ ṣe ìyókù.

Delcino ń wò mí láti ẹnu ilẹ̀kùn. Mo ní ọjọ́ pamonha ńkọ́? Ó ní kí ara mi kọ́kọ́ le. Àgbàdo ti ń gbó ní oko Tonico, ọmọ mi sì mọ̀. Ó ń dúró kí àsìkò kọjá. Kó máa dúró.

Ọjọ́rú, 15

Mo rán Benvinda lọ sọ́dọ̀ Tonico, ó ra àpò tó kẹ́yìn. Mo gbé e lọ sẹ́nu ọ̀nà Delcino, mo sì padà.

Ọjọ́ Àìkú, 19

Ọjọ́ Jósẹ́fù Mímọ́. Mo fẹ́ kọ ọ́ bó ti rí gan-an.

Marlúcia àti Wender dé láàárọ̀. Delcino ti wà nídìí àgbàdo láti ìdájí, ó rin ín fúnra rẹ̀, kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni ràn án lọ́wọ́. Ó fi wàràkàṣì sí i, ó fi sọ́séèjì líle sí i, èèpo méjì ló fi dì í pọ̀ dípò ọ̀kan. Nígbà tó gbé e jáde nínú omi gbígbóná, Wender ní ṣé ọmọ tuntun ni wọ́n wẹ̀. Ó tóbi bí apá mi.

Mo ti kó gbogbo aṣọ kúrò lórí tábìlì. Mo jókòó. Delcino tú èèpo náà níwájú mi pẹ̀lẹ́, bí ẹni ń tú ọgbẹ́ wò. Lẹ́yìn náà ó bu ife omi tútù kan, ó gbé e sẹ́gbẹ̀ẹ́ ọwọ́ mi. Omi náà ń làágùn lára ife.

Mo gbé ife náà, mo dà á sínú ìkòkò òdòdó.

Mo bẹ̀rẹ̀. Mo jẹ kékeré, mo jẹ ẹ́ kúnná títí ó fi di omi lẹ́nu, mo gbé e mì, mo dúró díẹ̀. Ó sọ̀ kalẹ̀. Mo tún bu. Nígbà tí mo dé ibi sọ́séèjì, nǹkan kan dúró sáyà mi, mo sì mọ̀ pé ojú mi yí padà, torí Marlúcia dìde. Mo gbé ọwọ́ sókè pé kó jókòó. Mo gún ẹ̀yìn. Mo mí. Mo ro ti ọ̀gá olórin tó ń gbọ̀n, mo ro ti ìrọ̀rí tó lábàwọ́n, mo sì sọ fún sọ́séèjì náà nínú ọkàn mi pé kì í ṣe ìwọ.

Ó lọ.

Mo jẹ ẹ́ tán. Kọfí Marlúcia ti tutù, òun náà ti jẹ pamonha kan àbọ̀ láìmọ̀, ojú mi ló ń wò tí ọwọ́ rẹ̀ ń bu. Mo ká èèpo náà, mo fi sáàárín tábìlì.

Delcino ò wò mí, èèpo náà ló ń wò. Mo rò pé yóò dá àpárá. Ohùn rẹ̀ kéré.

"Màmá, báwo ló ṣe rí? Kó kàn lọ bẹ́ẹ̀?"

Mo ti ṣe ìpalẹ̀mọ́ èébú fún un láti oṣù Kọkànlá. Kò sí ọ̀kankan tó wá sí mi lẹ́nu.

"Bí ìgbà tí o bá lé màlúù dé ẹnu géètì," mo ní, "tí o fẹ́ sọ̀ kalẹ̀ láti lọ ṣí i, tí o wá rí i pé ẹnì kan ti ṣí i sílẹ̀ dè ọ́."

Ó mi orí. Ó dìde, ó jáde. Mi ò pè é. Marlúcia ní kí n pè é. Mo ní wọ́n ti la tẹ́tẹ́ náà, ìwọ lo là á, jókòó.

Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, 21

Kò wá jẹun.

Ọjọ́rú, 22

Kò wá. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í bínú, ìyẹn sàn ju ẹ̀rù lọ.

Ọjọ́bọ̀, 23

Ó dé kí ilẹ̀ tó mọ́, ó ti wẹ̀, ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì tó wọ̀ nígbà ìsìnkú. Ó ní Tonico yóò fún wàrà. Ó ní aago mélòó ni bọ́ọ̀sì Goiânia?

Ọjọ́ Ajé, 24 oṣù Kẹrin. Ilé ìwòsàn

Tirẹ̀ ṣì wà ní kékeré, ìyẹn ni àwòrán wí. Èyí tí wọ́n ń gba ẹnu ṣe ni wọ́n fẹ́ ṣe fún un, ọ̀bẹ tín-ín-rín láti inú wá, láìsí ojú ọgbẹ́. Ẹnì kan tí wọ́n dá ọjọ́ fún kò wá, ni wọ́n fi pè wá. Èmi ni mo ṣọ́ ọ kó má jẹ ju omi ẹran lọ, ilé rẹ̀ ni mo sùn, mo gbé àga dí ẹnu ọ̀nà ìdáná. Ó ní ọlọ́pàá kankan ò tó mi.

Nọ́ọ̀sì bèèrè ohun tó jẹ kẹ́yìn. Ó ní omi ẹran, ó ní ẹ bi wọ́dà mi. Nọ́ọ̀sì rẹ́rìn-ín. Ó wá bèèrè pé ó ti tó ìgbà wo tí oúnjẹ ti ń há a.

Mo ń dúró kó sọ pé láti ọdún tó kọjá. Ohun tí èmi náà ì bá sọ nìyẹn. Delcino wò mí, ó wo ilẹ̀.

"Láti oúnjẹ ìsìnkú bàbá mi," ó ní. "Ọdún kọkànlá nìyí. Mo rò pé ẹkún ni."

Nọ́ọ̀sì kọ ọ́ sílẹ̀. Mi ò mọ ohun tí mo fi ojú mi ṣe. Ọdún kọkànlá ló ti ń dúró sẹ́nu ilẹ̀kùn mi, èmi kọ ẹ̀yìn sí i nídìí ààrò, òun kọ ẹ̀yìn sí mi.

Wọ́n ti gbé e wọlé. Mo fẹ́ jẹ búrẹ́dì. Màá jẹ ẹ́ níbí yìí, lórí ìjókòó, kó lè rí èérún rẹ̀ lára mi nígbà tí wọ́n bá gbé e jáde.

Ọjọ́ kan náà, ìrọ̀lẹ́

Ó jí. Ó ní ta ló ń bá òun fún wàrà.

Ọjọ́ Àìkú, 21 oṣù Karùn-ún. Jenipapo

Òjò ti tán, afẹ́fẹ́ òtútù ti bẹ̀rẹ̀. Ìrẹsì, ẹ̀wà, adìẹ pẹ̀lú ilá. Marlúcia sanra díẹ̀, mo sọ ọ́ fún un, ó bínú. Ó ní òun àti Wender ń wo ọjọ́ ìgbéyàwó. Mo ti ní nǹkan mìíràn tí màá máa ronú lé.

Mo gbé àga mẹ́rin sídìí tábìlì. Delcino bu oúnjẹ, ẹsẹ̀ rẹ̀ kọrí sí ẹnu ilẹ̀kùn kó tó rántí. Ó padà wá. Ó jókòó sójú kojú mi. Ó gbé ife omi sẹ́gbẹ̀ẹ́ abọ́, kò fọwọ́ kàn án títí a fi jẹun tán.

Àwọn màlúù ń ké ní ẹ̀yìn ilé láti ìdajì ọ̀sán. Kò sẹ́ni tó dìde.